Ìdáhùn: Orúkọ àwọn ẹyẹ eléèékánná láti Kétu dé Sábẹ

Ẹ̀yin ará, mo kí gbogbo yín. Ẹ kú iṣẹ́ èdè.

Àbúrò wa tó ń kọ́ni ní Kétu béèrè ohun tí àwa tó jù ú lọ ti yẹ kí a bójú tó tipẹ́: kí ni ká máa pe àwọn ẹyẹ tó ń fi èékánná mú ohun jíjẹ, àwọn tí à ń rí láti Kétu dé Sábẹ ní ilẹ̀ Benin, kí òun lè kọ orúkọ wọn sábẹ́ àwòrán tí òun fẹ́ lẹ̀ mọ́ ògiri kíláàsì? Ẹ̀gbọ́n wa láti Àjàṣẹ́ (Porto-Novo) ní kí a pe gbogbo wọn ní àṣá, kí a wá fi àwọ̀ pín wọn: àṣá pupa, àṣá dúdú, àṣá funfun. Ẹlòmíràn ní kí a kúkú túmọ̀ orúkọ Faransé wọn lọ́kọ̀ọ̀kan, kí ọmọ tó bá wọ kọ́lẹ́ẹ̀jì má baà ṣìnà. Mi ò fara mọ́ èyíkéyìí nínú méjèèjì.

Ẹ jẹ́ ká wo ọ̀rọ̀ àwọ̀ ná. Ìsàlẹ̀ ni ọmọ náà ti ń wo ẹyẹ, oòrùn sì wà lẹ́yìn ẹyẹ. Àwọ̀ kì í hàn dáadáa níbẹ̀. Ohun tó ń hàn ni bí ìrù ṣe rí, bí apá ṣe nà, àti ohun tí ẹyẹ náà ń ṣe. Yàtọ̀ sí ìyẹn, àwọ̀ ọmọ ẹyẹ kì í bá ti òbí rẹ̀ mu. Idì tó ń pẹja lórí odò Wẹ̀mẹ̀, orí àti àyà rẹ̀ funfun nígbà tó bá dàgbà, ṣùgbọ́n ọdún bíi mélòó kan ni ọmọ rẹ̀ fi ń wọ ìyẹ́ aláwọ̀ ilẹ̀ kí funfun náà tó jáde. Bí a bá pe baba ní idì olórí funfun, kí la ó pe ọmọ?

Ẹ̀gbọ́n wa tún ní àṣá àti àwòdì ò yàtọ̀, pé ní Àjàṣẹ́, ohunkóhun tó bá ń yípo lókè ọjà, àṣá ni. Mo gbà pé bẹ́ẹ̀ ni wọ́n ń pè é lọ́dọ̀ wọn. Ṣùgbọ́n nínú ìlú ńlá, ẹyẹ kan ṣoṣo ló sábà ń kù tí ojú ń rí lójoojúmọ́: èyí tí ìrù rẹ̀ là sí méjì, tó ń fi ìrù náà darí ara rẹ̀ bó ti ń yí, tó ń já ẹran gbà lórí àtẹ ẹlẹ́ran. Níbi tí ẹyẹ ti ku ẹyọ kan, orúkọ méjì á lọ́ mọ́ra wọn. Ọ̀rọ̀ oko kò rí bẹ́ẹ̀. Ẹ tún òwe yìí gbọ́: "Àwòdì tó ń re Ìbarà, ẹ̀fúùfù ta á nídìí pẹ́ẹ́, ó ní iṣẹ́ kúkú yá." Ẹyẹ tí ẹ̀fúùfù ń gbé ni wọ́n ń sọ, ẹyẹ tó na apá sílẹ̀ tí kò jù ú. "Àwòdì òkè kò mọ̀ pé ará ilẹ̀ ń wo òun": ó pẹ́ lókè débi pé ará ilẹ̀ ráyè wò ó tẹ́rùn. Kò sí bí a ṣe lè pa òwe wọ̀nyí mọ́ ẹyẹ kékeré aláwọ̀ eérú, olójú pupa, tó sápamọ́ sáàárín ewé, tó yọ lójijì, tó gbé ọmọ adìẹ, tó sì ti lọ kí ìyá adìẹ tó ké. Ìyẹn ni àwọn ará oko tí mo mọ̀ ń pè ní àṣá.

Àbá mi nìyí, kí àwòdì jẹ́ ti ẹni tó ń yípo lókè tí ìrù rẹ̀ là, kí àṣá sì jẹ́ ti àwọn tó ń ṣọ́ lórí igi tí wọ́n ń já wálẹ̀. Mo mọ̀ pé ìlú Yorùbá kan wà tí wọ́n ti gbé ọ̀kan sí ipò èkejì, àwọn ìwé atúmọ̀ èdè náà sì máa ń fi ọ̀kan túmọ̀ ìkejì. Àwòrán tó wà lókè orúkọ ni yóò yanjú ìyẹn fún ọmọ.

Ẹnìkan béèrè bóyá kí a pín àwòdì fúnra rẹ̀ sí méjì. Lóòótọ́, oríṣi méjì ló ń pàdé lójú ọ̀run wa nígbà ẹ̀ẹ̀rùn. Èyí tó ń tẹ́ ìtẹ́ sọ́dọ̀ wa, gbogbo àgógó rẹ̀ ló ní àwọ̀ ìyeyè. Èyí tó ń ti Yúróòpù wá sá fún òtútù, àgógó rẹ̀ dúdú, ìdí àgógó nìkan ló ní àwọ̀ ìyeyè. Bí òjò bá dé, èyí tó jẹ́ tiwa náà á gba ìhà àríwá lọ. Fún ọmọ ilé-ìwé, àwòdì ni méjèèjì, kí olùkọ́ ṣe àlàyé ìyókù lẹ́nu.

Ọ̀rọ̀ idì ni mo fẹ́ kí a ṣọ́ra fún, torí bí a bá ti ń rí ẹyẹ ńlá ni a ń sọ idì. Ẹyẹ tó ń pẹja méjì ló wà nínú àtòjọ àbúrò wa. Ẹni tó dábàá "idì apẹja" fún ọ̀kan àti "àṣá apẹja" fún èkejì ti fi ọmọ sínú ìdààmú, torí iṣẹ́ kan náà ni wọ́n ń ṣe. Èyí tó ń gbé lẹ́bàá odò wa látìbẹ̀rẹ̀ ọdún dé òpin rẹ̀, tó ń gbé orí sẹ́yìn tó bá ń ké, kí a pè é ní idì odò. Èkejì, àlejò ni, Yúróòpù ló ti ń wá. Ilà dúdú kan gba ojú rẹ̀ kọjá, ó sì máa ń bà sórí òpó inú omi, irú igi àkájà tí àwọn apẹja ń gbìn sínú ọ̀sà ní ìhà Àjàṣẹ́, kó tó ju ara rẹ̀ sínú omi, ẹsẹ̀ ló sì fi ń ṣíwájú. Ìyẹn ni kó gba "apẹja". Àṣá apẹja bá a mu, torí ó ń ṣọ́, ó sì ń já wálẹ̀.

Báyìí ni mo dé orí ẹyẹ tó dá àríyànjiyàn tó gùn jù sílẹ̀, ẹyẹ funfun tó ní dúdú lápá, tí awọ ojú rẹ̀ pupa fẹ́ẹ́rẹ́, tó ń wà níbi tí ọ̀pẹ bá pọ̀ sí lẹ́gbẹ̀ẹ́ omi. Ẹyìn ọ̀pẹ ni oúnjẹ rẹ̀ gan-an, bó tilẹ̀ ń jẹ akàn àti ẹja. Àwọn Faransé pè é ní igún ọ̀pẹ, ẹni tó ń túmọ̀ lára wa sì gbà á bẹ́ẹ̀. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ rò ó wò. Bí Yorùbá bá gbọ́ igún, orí pípá ló ń rí, òkú ẹran ló ń rí. Ẹyẹ yìí ní ìyẹ́ lórí, èso ló sì ń jẹ. Àwọn onímọ̀ sọ pé ó bá igún tan, n kò bá wọn jà. Ṣùgbọ́n orúkọ tí a ń kọ sára ògiri kíláàsì, ohun tí ojú rí ló yẹ kó tẹ̀ lé. Ẹlòmíràn dá "ajẹyìn" lábàá. Ọ̀rọ̀ náà dùn mọ́ mi, ó kúrú, ó sì jẹ́ òótọ́. Àmọ́ púpọ̀ wa ló ń kọ Yorùbá láìsí àmì ohùn lórí tẹlifóònù tí a ṣe fún Faransé. Bí àmì bá já, ajẹyìn á di ajẹyin, ẹyẹ tó ń jẹ ẹyin adìẹ, àwọn ọmọ á sì ju òkò lu ẹyẹ tí kò wọ àgọ́ adìẹ ẹnikẹ́ni rí. Idì ọ̀pẹ ni mo fọwọ́ sí.

Èyí tí Faransé ń pè ní "bateleur", tí ẹnìkan túmọ̀ sí idì olókìtì nítorí pé òṣèré ìta gbangba ni ọ̀rọ̀ náà jẹ́, mo yìn ín fún ìsapá rẹ̀. Ẹyẹ náà máa ń fì sọ́tùn-ún sósì bó ti ń fò, ó sì ń ta òkìtì nígbà mìíràn. Àmọ́ òkìtì tí ọmọ oko mọ̀ ni òkìtì ilẹ̀ àti òkìtì ọ̀gán. Ohun tí ẹnikẹ́ni kò ní ṣàìrí lára rẹ̀ ni pé ìrù rẹ̀ kúrú débi pé ẹsẹ̀ rẹ̀ pupa yọ kọjá rẹ̀. Idì aláìnírù, ó parí.

Èyí tó tẹ̀ lé e kò pọ̀ lọ́rọ̀. Ẹyẹ ìyẹ́ pupa tó ń dé pẹ̀lú ọyẹ́, tó ń tọ iná ìgbẹ́ lẹ́yìn láti mú ẹlẹ́ǹgà tó ń sá, "àṣá ẹlẹ́ǹgà" tí a ti dábàá dára. "Àwòdì iná" kò dára, torí ọ̀pọ̀ ẹyẹ ló ń wá sídìí iná. Èyí tó ní awọ ojú ìyeyè, tí ẹsẹ̀ rẹ̀ ń ṣẹ́ síwá ṣẹ́ sẹ́yìn tó fi ń ki ẹsẹ̀ bọ inú ìtẹ́ ẹ̀ga lórí ọ̀pẹ, ẹ jẹ́ ká pè é ní àṣá apẹ̀ga. Àwọn tí apá wọn rí ṣóńṣó, tó tẹ̀ bíi dòjé, tí wọn kì í sábà yípo ṣùgbọ́n tí wọ́n ń ya ojú ọ̀run kọjá, kí wọ́n jẹ́ àṣá dòjé, kí a má kọ "fokọ́n" ti Faransé fún ọmọ Yorùbá. Àṣá mìíràn wà tí ọ̀fun rẹ̀ funfun tí ilà dúdú kan ṣoṣo sì gba àárín rẹ̀ wálẹ̀. Orúkọ Gẹ̀ẹ́sì rẹ̀ ń sọ̀rọ̀ alángbá, ṣùgbọ́n àwa tí a mọ ohun tí à ń pè ní ilà, àṣá onílà ni tiwa.

Ìgbà tí mo ka àbá pé kí a pe igún tó wà nítòsí ènìyàn ní "igún oògùn", kí a lè yà á sọ́tọ̀ sí igún ńlá tó wà nínú ìgbẹ́, inú mi bàjẹ́. Mo mọ̀ pé ẹni tó kọ ọ́ kò ní in ní ibi lọ́kàn. Ohun tó ń rí ní ọjà ló sọ. Ṣùgbọ́n títà orí igún wà lára ohun tó ń pa wọ́n run. Láti ọdún 2015 ni IUCN, àjọ àgbáyé tó ń rí sí ìdáàbòbò ẹ̀dá, ti fi igún yìí sí ipele tó kẹ́yìn kí ẹ̀dá tó parẹ́ nínú ìgbẹ́. Láàárín ọdún 2019 sí 2020, májèlé pa igún tó lé ní 2,000 ní Guinea-Bissau, wọ́n sì bá òkú àwọn kan láìsí orí. Àwọn baba wa tó ní "gúnnugún kì í kú léwe" kò rò pé ìgbà báyìí máa dé. Ẹ má jẹ́ kí ọmọ kọ́kọ́ mọ ẹyẹ náà gẹ́gẹ́ bí ohun tí à ń lọ̀ sínú ìkòkò. Igún ni kó máa jẹ́, láìsí àfikún, kí ti inú ìgbẹ́, tí ẹ̀yìn rẹ̀ funfun, jẹ́ igún ẹlẹ́yìn funfun.

Ní ti àkàlà, àwọn kan ní ẹ̀yà igún ni, àwọn mìíràn ní ẹyẹ dúdú ńlá tó ń fẹsẹ̀ rìn nínú pápá, tó ní ìwo lórí àgógó ni. Ti ìkejì ni mo gbà, nítorí náà kò sí nínú àtòjọ yìí. Òwìwí wà níbẹ̀, torí òun náà ń fi èékánná mú eku. Ẹ jẹ́ kó dúró lórúkọ rẹ̀.

Ó wá ku orúkọ àpapọ̀. "Ẹyẹ apẹran" kò gba igún, torí igún kì í sábà pa ohunkóhun. "Ẹyẹ ajẹran" kò gba idì ọ̀pẹ. Ẹyẹ eléèékánná ni mo ń lò láti òkè wá. Bí ẹnìkan bá ní adìẹ náà ní èékánná, mo ní gbogbo wa la ní eyín, síbẹ̀ ẹni tí eyín rẹ̀ yọ síta nìkan là ń pè ní eléyín.

N kò tíì ní orúkọ fún àwọn àṣá dòjé kékeré tó ń yé ẹyin sí pàlàpálá àpáta, irú àwọn òkè tó yí Sábẹ ká. Kò wù mí kí n dá orúkọ sílẹ̀ fún ẹyẹ tí ó lè jẹ́ pé àwọn ọdẹ ti ní orúkọ fún tipẹ́. Ẹ̀yin tí ẹ wà ní Sábẹ àti Ìdàáṣà, ẹ jọ̀ọ́, ẹ bi àwọn ọdẹ yín léèrè kí àbúrò wa tó tẹ àwòrán jáde. Ẹ kọ ohun tí wọ́n bá sọ pẹ̀lú àmì ohùn, kí ẹ sì fi orúkọ ìlú tí ẹ ti gbọ́ ọ sí i.