Oorun ń gbé mi kọjá ibùdókọ̀ mi ní Lọ́ńdọ̀nù, ẹ gbà mí nímọ̀ràn

Ẹ kú àárọ̀ o, ẹ̀yin ará. Iṣẹ́ kíà (care, ìtọ́jú àwọn arúgbó àti aláìlera) ni mò ń ṣe, òru ni tèmi. Tí mo bá ṣíwọ́ láàárọ̀, Victoria ni mo ti ń wọ ọkọ̀ ojú irin District line lọ sí Dagenham Heathway. Kí ọkọ̀ tó dé Tower Hill, oorun á ti gbé mi lọ. Upminster tí ọ̀nà pin sí ni mo máa ń ta jí. Ẹ̀ẹ̀mẹ́ta rèé lọ́sẹ̀ yìí.

Àlá ibẹ̀ ló ń dà mí láàmú jù. Bí mo bá ti dijú báyìí, màmá mi tó ti kú á dé. Ẹ̀yìnkùlé wa n'Ìbàdàn ni, wọ́n ń ṣa ẹ̀wà, wọ́n ń fi oríkì pè mí. Mi ò dáhùn rí, torí wọ́n kọ́ wa ní kékeré pé a kì í jẹ́ òkú lóhùn lójú àlá. Kí ni kí n ṣe?

Ìyá Ìbejì: Pẹ̀lẹ́, àbúrò mi. Tó o bá bá ara ẹ ní Upminster, má fi káàdì kan ẹ̀rọ ẹnu ọ̀nà o! Zone 6 (agbègbè tí wọ́n fi ń ṣírò owó ọkọ̀) nìyẹn, zone 5 ni Heathway, owó ẹ á lé. Bọ́ sínú ọkọ̀ tó ń padà, ibùdó 5 péré ni. Fi okùn báàgì ẹ kọ́ ọrùn ọwọ́.

Bọ̀dá Barking: Bó o bá ti jókòó ní Victoria, tẹ áláàmù fóònù sí ìṣẹ́jú 40, kó máa gbọ̀n lápò ẹ. Mo ṣiṣẹ́ òru fún ọdún 9, òun ló gbà mí.

Nọ́ọ̀sì Ṣọlá: Àlá tó já gaara sábà máa ń tó wákàtí kan ààbọ̀ kó tó dé, ṣùgbọ́n tí ara bá ti jẹ oorun ní gbèsè, ó lè má pẹ́ rárá. Etí kì í sì í sùn tán. Ohùn obìnrin tó ń pe orúkọ ibùdó nínú ọkọ̀ lè wọnú àlá kó di ohùn màmá yín. Àmọ́ tẹ́ ẹ bá ń sùn dáadáa lọ́sàn-án tẹ́ ẹ sì ń tòògbé síbẹ̀, tàbí tẹ́ ẹ bá ń hanrun, ẹ lọ rí dókítà. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má wa mọ́tò lẹ́yìn iṣẹ́.

Màmá Àgbà: Má bẹ̀rù, ọmọ mi. Ìyá tó ń ki ọmọ ẹ̀, ìkẹ́ ló ń kẹ́ ẹ.

Ẹni tó béèrè: Ẹ ṣé gan-an, màá tẹ áláàmù náà lọ́la. Màmá Àgbà, ẹ jẹ́ n sọ òótọ́: mi ò fẹ́ kí àlá náà dáwọ́ dúró. Kò sẹ́ni tó ń pè mí ní Àṣàkẹ́ mọ́ níbí.