Dígí tí wọ́n fi ń wo òkèèrè: kí ni ká máa pè é?

Ẹ̀yin èèyàn mi, ẹ kú àròjinlẹ̀. Àbúrò wa tó ń gbé ní Kubwa béèrè ọ̀rọ̀ kan ṣoṣo, ìjà sì bẹ́. Fún ẹni tí kò sí níbẹ̀: ó ń kọ ìtàn àròsọ nípa ìlú kan tí kò sí láyé yìí. Àwọn àgbà ìlú náà ní dígí òkúta dúdú tí wọ́n máa ń tẹjú mọ́, kí wọ́n lè mọ ohun tó ń lọ ní ìlú tó jìnnà sí wọn. Ó ń wá orúkọ fún un, èyí tí kò ní sú òǹkàwé bó bá tiẹ̀ pàdé rẹ̀ ní gbogbo ojú ewé.

Ẹ jẹ́ kí n kọ́kọ́ mú ọ̀rọ̀ òkúta kúrò nílẹ̀. Ẹnìkan ní òkúta kì í ṣe dígí, pé ká má lo "dígí" rárá. Òkúta dúdú tí wọ́n ń pè ní obsidian yẹn, dígí gan-an ni: iná abẹ́ ilẹ̀ ló yọ́ ọ, òkè ayọnáyèéfín pọ̀ ọ́ jáde, ó sì yára tutù. Àwọn Aztec ní Mẹ́síkò máa ń dán an títí èèyàn á fi rí ojú ara rẹ̀ nínú rẹ̀. Òrìṣà wọn kan tiẹ̀ wà tó ń jẹ́ Tezcatlipoca, èyí tí wọ́n sábà máa ń túmọ̀ sí "dígí tó ń rú èéfín". Ọ̀kan nínú irú dígí bẹ́ẹ̀, tí wọ́n ní John Dee, ọ̀mọ̀wé ayé Ọbabìnrin Elizabeth Kìíní, ló ni ín, wà ní British Museum ní Lọ́ńdọ̀nù. Ní 2021 ni àwọn onímọ̀ sọ pé agbègbè Pachuca ní Mẹ́síkò ni òkúta rẹ̀ ti wá. Dígí ni, ó parí.

Ohun tí a máa so mọ́ dígí ló kù. Ẹni tó ní ká pè é ní "amóhùnmáwòrán", ẹ jọ̀ọ́, dígí inú ìtàn yìí kì í gbé ohùn, kò sì dúró de iná mànàmáná. Ẹni tó mú "àwòrí" wá, kó lọ gbàṣẹ lọ́wọ́ àwọn ará Ọ̀tà ná.

Ẹ̀gbọ́n wa obìnrin tó wà ní Kàdúná ló mú èyí tó dùn jù wá: "Arínúróde". Mo gbà pé ó dùn. Ṣùgbọ́n Ọlọ́run ni ẹnu wa ti mọ́ fún orúkọ yẹn. Kò sí ṣọ́ọ̀ṣì ní ìlú inú ìtàn náà lóòótọ́, àmọ́ etí tí a máa fi gbọ́ ọ, ayé ibí ló ti wá. Kí ọba ìkà kan wá sọ pé "ẹ gbé Arínúróde mi wá láti abẹ́ bẹ́ẹ̀dì"? Ẹ̀rín á pa mí.

Bẹ́ẹ̀, ìyẹn kọ́ ni ìdí tí mo fi kọ̀ ọ́. "Rí" ni kò jẹ́ kó bá mi lára mu, bẹ́ẹ̀ náà ni "dígí aríran". Wíwò yàtọ̀ sí rírí. A máa ń sọ pé "mo wò ó títí, n kò rí nǹkan kan." Wíwò ni iṣẹ́ ẹni tó jókòó síwájú dígí, rírí ò sí lọ́wọ́ ẹ̀. Nínú ìtàn àbúrò wa fúnra rẹ̀, ìyàwó ọmọ ogun kan tẹjú mọ́ dígí títí ilẹ̀ fi mọ́, imú ara rẹ̀ nìkan ló rí. John Dee náà máa ń wá ìran nínú òkúta tó ń dán, àmọ́ òun kọ́ ló ń ríran. Edward Kelley ló ń wò fún un, tó ń sọ ohun tó rí, tí Dee fi ń kọ ọ́ sílẹ̀. Ní 2010, onímọ̀ kan ní Ítálì, Giovanni Caputo, ṣàlàyé pé bí èèyàn bá tẹjú mọ́ ojú ara rẹ̀ nínú dígí, tí iná ò mọ́lẹ̀ dáadáa, kò ní pẹ́ tí ojú náà á fi máa yí padà, tó lè di ojú ẹlòmíràn. Dígí ò ṣe nǹkan kan o. Ẹni tó ń wò ló ṣe gbogbo ẹ̀. Orúkọ tó bá fi "rí" ṣe ìpìlẹ̀ ti ṣèlérí tí dígí náà ò lè mú ṣẹ.

Èyí ló jẹ́ kí n rò pé "dígí ìwoṣẹ́" sún mọ́ ọn. Wò wà nínú rẹ̀, kò sì sẹ́ni tó máa béèrè ìtumọ̀. Àmọ́ iṣẹ́ wíwò nílẹ̀ wa kì í dá wá. Ẹbọ máa ń tẹ̀ lé e, owó náà sì ń bẹ níbẹ̀. Dígí inú ìtàn yìí kò ní kẹ́nikẹ́ni lọ ra ẹyẹlé.

Bàbá wa ní Sáríà ní ká kúkú yá "madubi" lọ́wọ́ Hausa. Ọ̀rọ̀ gidi ni. "Duba" ni wíwò, "ma-" ló sọ ọ́ di ohun èlò, bí wọ́n ṣe mú "mabuɗi", ìyẹn kọ́kọ́rọ́, jáde láti ara "buɗe". "Duba" yẹn náà ni wọ́n ń lò fún iṣẹ́ wíwò, bíi wò tiwa gẹ́lẹ́. Àléébù ibẹ̀ ni pé ará Kánò tó bá ka "madubi" á rò pé dígí ìyàrá ìwẹ̀ ni.

Ohun tí bàbá wa fi hàn wá yẹn ni mo fẹ́ ká ṣe ní Yorùbá: "ìwòkèèrè". Bí a ṣe ní ìgbálẹ̀, ìnura àti ìbọ̀wọ́ ni. Ẹni tó ń lò ó á jẹ́ awòkèèrè. Kò kan awò ọ̀nà-jíjìn tí wọ́n fi ń wo ìràwọ̀, torí orúkọ tirẹ̀ ti dúró. Mo dán an wò báyìí: "Ó gbé ìwòkèèrè lé itan, ó tẹjú mọ́ ọn títí ojú fi ń ṣomi." Kò há mi lẹ́nu. "Àwọn awòkèèrè ọba ò tíì sùn." Èyí náà lọ geere.

Ó ku dígí kejì inú ìtàn náà, èyí tó ń fi ohun tó ti kọjá hàn. "Dígí ìbojúwẹ̀yìn" ni àbúrò wa fẹ́, ṣùgbọ́n ìyẹn ti wà lọ́wọ́ gbogbo awakọ̀ tó ń ná Nyanya. "Ìwẹ̀yìn" kúrú, àmọ́ ó ti jọ ọ̀rọ̀ ọṣẹ àti kànìnkànìn jù. Mo fi ìyẹn sílẹ̀ fún ẹ̀gbọ́n wa ní Kàdúná, torí òun ló mọ orúkọ tó dùn létí í sọ.