Báwo ni Raoul Coutard ṣe ń ya fíìmù nínú yàrá kékeré láìsí iná ńlá?

Ọmọ Kàbbà:
Ọkún o ẹ̀yin èèyàn mi. Mo fẹ́ ya fíìmù kékeré kan lórí màmá kan tó ń hun kíjìpá l'Ógìdì, inú pálọ̀ wọn ni òfì wà, ó fara ti ògiri báyìí, fèrèsé kan ṣoṣo ló wà níbẹ̀. Àwọn tí mo bá sọ̀rọ̀ ní Lọ́kọ́jà ní kí n lọ háyà iná ńlá pẹ̀lú jẹnẹrétọ̀, owó yẹn ò sí rárá. Mo wá ń rántí àwọn fíìmù Faransé tí Coutard, ọkùnrin Faransé tó ń gbé kámẹ́rà fáwọn olùdarí fíìmù, yà, yàrá táwọn èèyàn ń gbé gan-an ni, síbẹ̀ ojú wọn hàn kedere. Kí ló ń ṣe? Ibo ló ti kọ́ ọ?

Bàbá Ìsánlú:
Ọkún o, àbúrò. Ogun ló kọ́ ọ níṣẹ́. Ọmọ Paris ni, 1924 ni wọ́n bí i, ó lọ Indochina, ìyẹn Vietnam àtàwọn ilẹ̀ tó wà nítòsí ẹ̀, gẹ́gẹ́ bí ayafọ́tò ológun, ó tún ya fọ́tò fún ìwé ìròyìn Paris Match àti Life. Ẹni tó ń ya fọ́tò lójú ogun, ìmọ́lẹ̀ tó bá bá níbẹ̀ náà ló máa lò. Nígbà tí òun àti olùdarí fíìmù Jean-Luc Godard wá ń ṣe fíìmù À bout de souffle tó jáde ní 1960, ọwọ́ ló fi ń gbé kámẹ́rà, bí wọ́n bá fẹ́ kó máa rìn, Godard á máa tì í nínú kẹ̀kẹ́ àwọn tí ò lè rìn! Róòlù fíìmù Ilford HPS táwọn ayafọ́tò ń lò nígbà náà ni wọ́n rà, torí ó máa ń ríran níbi tí iná ò ti pọ̀, róòlù kan ò ju mítà 17.5 lọ, wọ́n ń so wọ́n mọ́ra wọn.

Ọmọ Ìyàrá:
Èyí tó máa wúlò fún ẹ rèé: tí Coutard bá wọ yàrá, ó máa ń kọjú gílóòbù sí sílìn ni, kì í kọ ọ́ sójú èèyàn, ìmọ́lẹ̀ á wá padà bọ̀ sílẹ̀ wọ́ọ́rọ́wọ́, òṣèré lè rìn síbi tó bá wù ú. Bí èéfín bá ti sọ sílìn màmá di dúdú, kan bẹ́ẹ̀dìṣíìtì funfun mọ́ ọn.

Adùkẹ́ Mọ́pà:
Ẹ jọ̀ọ́, mi ò fara mọ́ ọn tán o. Ara dúdú la fẹ́ yà, tí ìmọ́lẹ̀ bá rí bákan náà káàkiri, dídán ara màmá á pòórá. Lọ wo iṣẹ́ Agnès Godard, obìnrin Faransé tó ya fíìmù Beau travail ní Djibouti, tó gba César, ẹ̀bùn fíìmù ilẹ̀ Faransé, lórí ẹ̀ ní 2001. Wo bí oòrùn ṣe ń bà lé èjìká àwọn ọmọkùnrin yẹn. Jẹ́ kí màmá fẹ̀gbẹ́ sí fèrèsé, kí apá kejì ojú wọn ṣókùnkùn díẹ̀, kí o sì ya ọwọ́ wọn dáadáa níbi tí wọ́n ti ń fi ọ̀pá ṣán òwú.

Ọmọ Kàbbà:
Ẹ ṣé gan-an ni. Fèrèsé yẹn kọjú sí ìlà oòrùn, àárọ̀ ni màmá sì máa ń hun, n óò mú bẹ́ẹ̀dìṣíìtì dání bó bá ṣókùnkùn jù. Bàbá, ṣé Coutard náà darí fíìmù tara ẹ̀?

Bàbá Ìsánlú:
Bẹ́ẹ̀ ni. Hoa-Binh, 1970, lórí ọmọdé kan nínú ogun Vietnam. Ó gba ẹ̀bùn iṣẹ́ àkọ́kọ́ níbi àjọ̀dún fíìmù Cannes ní ilẹ̀ Faransé.