Ṣé títẹ̀ táwọn èèyàn ń tẹ sáìtì wa ló ń gbé e sókè lórí Google?

Aláṣọ Òfì: Ẹ kú iṣẹ́ o. Ilọrin níbí la ti ń ta sányán àti àlàárì. Sáìtì wa ti wà lókè dáadáa, ó wá ń lọ sílẹ̀. Ẹnìkan ní ká sanwó fáwọn ọmọ tí á máa tẹ̀ ẹ́ lójoojúmọ́. Ṣé ó ń ṣiṣẹ́?

Alfa Sáìtì: Ẹ fowó yín sápò. Lóòótọ́, Google ń wo ibi táwọn èèyàn ń tẹ̀. Ní kóòtù Amẹ́ríkà lọ́dún 2023, Pandu Nayak, ọ̀gá kan ní Google, ṣàlàyé Navboost, ètò tí Google fi ń lo títẹ̀ láti to èsì ìwákiri: títẹ̀ oṣù 13 ló ń kó jọ, ó sì ń ya ti ìlú kan sọ́tọ̀ sí ti òmíràn, ti fóònù sọ́tọ̀ sí ti kọ̀ǹpútà. Kí ni títẹ̀ ọ̀sẹ̀ méjì fẹ́ ṣe nínú oṣù 13? Àwọn ìwé Google tó lu síta ní May 2024 tún dárúkọ goodClicks (títẹ̀ tó dára), badClicks (títẹ̀ tí kò dára) àti lastLongestClicks (títẹ̀ tó kẹ́yìn, tó sì pẹ́ jù). Wọn ò sọ bí ọ̀kọ̀ọ̀kan ṣe wúwo tó, àmọ́ orúkọ yẹn ti tó àlàyé. Ẹni tó wọlé, tó wò fìrí, tó padà lọ tẹ ti ẹlòmíì, kò ṣe yín lóore. Bẹ́ẹ̀, ohun táwọn ọmọ tí ẹ fẹ́ sanwó fún máa ṣe gan-an nìyẹn.

Ọmọ Ọ̀fà: Ẹ kọ́kọ́ mọ ohun tó lọ sílẹ̀ ná. Nínú Search Console, irinṣẹ́ ọ̀fẹ́ tí Google fún àwọn tó ni sáìtì, ẹ ṣí Performance, ẹ tẹ Average CTR (ìdá àwọn tó rí yín tó sì tẹ̀ yín) àti Average position (ipò yín nínú èsì) kí wọ́n hàn. Bí ipò bá dúró tí impressions (iye ìgbà tí sáìtì yín hàn nínú èsì) já, àwọn tó ń wá aṣọ ló dínkù. Ẹ ṣọ́ra tí ẹ bá ń fi ọdún wé ọdún o: Iléyá 2024 bọ́ sí June 16, ti 2025 sí June 6. Bí ipò bá dára tí CTR kéré, àkọlé ni kí ẹ tún kọ. “Home” kò pe ẹnikẹ́ni. “Sányán Ilọrin: iye owó ìró, gèlè àti fìlà” á pè wọ́n.

Aláṣọ Òfì: Ẹ ṣé. A ò kọ iye owó síbẹ̀ o, “ẹ pè wá lórí WhatsApp” la kọ.

Alfa Sáìtì: Háà! Ibẹ̀ ni wọ́n ti ń padà sẹ́yìn. Ẹ kọ iye owó sábẹ́ àwòrán kọ̀ọ̀kan, kí ẹ sì fún àwòrán wọ̀nyẹn pọ̀ sí WebP, irú fáìlì àwòrán tó fúyẹ́. Kí èyí tó tóbi jù lójú-ewé ti hàn láàárín ìṣẹ́jú-àáyá 2.5.