Wọ́n tẹ̀ ẹ́, wọ́n tún padà: ohun tí Google ń kà lára àwọn àlejò ìkànnì wa

Nínú ẹjọ́ tí ìjọba Amẹ́ríkà bá Google ṣe lọ́dún 2023 ni Pandu Nayak, ọ̀kan lára àwọn ọ̀gá Google, ti jẹ́rìí nípa Navboost, ètò kan tí Google fi ń to àbájáde ìwákiri. Navboost ló ń pa àbájáde tí àwọn èèyàn tẹ̀ lórí ìbéèrè kọ̀ọ̀kan mọ́. Ti oṣù 13 ló ń lò. Oṣù 18 ni kó tó di 2017. Ó ya ti fóònù sọ́tọ̀ kúrò lára ti kọ̀ǹpútà, ó tún ya ibi tí èèyàn wà sọ́tọ̀. Nítorí náà, ipò tẹ́ ẹ bá rí ìkànnì yín sí lórí kọ̀ǹpútà yín nílé, ẹ má fi búra.

—

Òótọ́ ni pé Google ń ka títẹ̀, àmọ́ iye ìgbà tí wọ́n tẹ ojú ewé nìkan kọ́. Ìwé iṣẹ́ Google tó jò síta lóṣù Karùn-ún 2024 dárúkọ goodClicks (títẹ̀ tó dáa), badClicks (èyí tí kò dáa) àti lastLongestClicks (èyí tí èèyàn tẹ̀ kẹ́yìn tó sì pẹ́ níbẹ̀ jù). lastLongestClicks yẹn lọ̀rọ̀ wà. Ẹnì kan ń wá ọjọ́ ìdánwò JAMB. Ó ṣí àbájáde kìíní, ìtàn bí wọ́n ṣe dá JAMB sílẹ̀ ló bá níbẹ̀, ó padà. Ó ṣí àbájáde kẹta, ohun tó ń wá wà lókè pátápátá, ó jókòó kà á, kò padà mọ́. Ẹ̀ẹ̀kọ̀ọ̀kan ló tẹ àwọn méjèèjì, ṣùgbọ́n àbájáde kẹta ló jàre.

—

Ẹ̀yin tẹ́ ẹ ń sanwó fáwọn ọmọ WhatsApp kí wọ́n máa tẹ ojú ewé yín, ìwé yẹn kan náà mẹ́nu ba "squashing": wọ́n ń fún iye títẹ̀ pọ̀ kí rẹpẹtẹ láti ibì kan má baà bo ìyókù mọ́lẹ̀. Dátà lásán lẹ̀ ń sun.

—

Ẹ wọ Search Console, irinṣẹ́ ọ̀fẹ́ Google fún ẹni tó ní ìkànnì, ẹ tẹ Performance, ẹ mú oṣù mẹ́ta, ẹ yan Nàìjíríà àti fóònù. Ẹ fi Impressions (iye ìgbà tí ojú ewé yín hàn nínú àbájáde) to àwọn ìbéèrè. Èyí tó wà ní ipò 1 sí 5 tí CTR rẹ̀ (ìdá àwọn tó tẹ̀ ẹ́ nínú iye ìgbà tó hàn) sì kéré, àkọlé ni kẹ́ ẹ kọ́kọ́ fura sí. Ẹ fi ọ̀rọ̀ táwọn èèyàn fi ń wá a gan-an síbẹ̀. Àfi bí Google bá ti dáhùn fúnra rẹ̀ lókè, àkọlé ò lè ran ìyẹn. Search Console ò sì ní sọ ẹni tó padà fún yín o. Ẹ pa Wi-Fi, ẹ fi fóònù olówó pọ́ọ́kú ṣí ojú ewé náà: bí ìpolówó bá bo ìlà àkọ́kọ́, ẹ yọ ọ́, ẹ gbé ìdáhùn sí ìlà méjì tó ṣáájú. Nǹkan kan lẹ́ẹ̀kan ni kẹ́ ẹ yí padà, kẹ́ ẹ wá fi ọjọ́ 28 wé ọjọ́ 28.

—

Kẹ́ ẹ má sì fi ọ̀sẹ̀ tí èsì JAMB jáde wé ọ̀sẹ̀ tó dá páropáro.