Àbọ̀ lórí owó ìwòsàn àbúrò mi: wọ́n ti san án

Ẹ kú àdúrótì o. Èmi ni mo béèrè bí a ṣe ń fìdí owó ìwòsàn múlẹ̀, nígbà tí mọ́tò gbá àbúrò mi lójú títì Iléṣà sí Ifẹ̀, tí iléeṣẹ́ adójútòfò onímọ́tò náà ní ìwé wa ò tó.

Ìwé dókítà ló yanjú ẹ̀. Rìsíìtì kàn ń sọ pé a náwó ni. Ìwé dókítà ló sọ pé torí ẹsẹ̀ tó kán nínú ìjàǹbá yẹn gan-an la ṣe ná an. Lọ́yà wa wá so rìsíìtì kẹ́míìsì kọ̀ọ̀kan mọ́ ìwé tí dókítà fi kọ oògùn náà, ó fi ìwé ọlọ́pàá tì í. Ó ní nílé ẹjọ́ Nàìjíríà, owó téèyàn ti ná, ẹyọ-ẹyọ ni wọ́n ń kà á sílẹ̀ pẹ̀lú ẹ̀rí. Owó ìtanràn fún ìrora ni adájọ́ lè fojú díwọ̀n.

Owó bàbá tó bá wa to eegun ò wọlé, torí kò sí ìwé kankan. Ó dùn mí gan-an, torí ọwọ́ bàbá yẹn tu àbúrò mi lára. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ ní kí àwọn tó bá ń to eegun fún yín kọ iye owó àti ọjọ́ sílẹ̀, kí wọ́n sì fọwọ́ sí i.

Àbúrò mi ti ń rìn. Ẹ ṣeun púpọ̀, mo pa ìbéèrè mi dé síbí.