Ọbẹ̀ Brussels sprouts oníkírímù: báwo lẹ ṣe ń sè é tí kì í rùn?

Adùnní_Alásè:
Ẹ kú ilé o ẹ̀yin èèyàn mi. Ẹ jọ̀ọ́ mo fẹ́ béèrè nǹkan lọ́wọ́ ẹ̀yin tẹ́ ẹ mọwọ́ ẹ̀. Mo fẹ́ràn Brussels sprouts gan-an, àwọn kábéèjì kéékèèké yẹn. Ìyá ọkọ mi fẹ́ wá lo ọ̀sẹ̀ díẹ̀ lọ́dọ̀ wa, eyín ò sì jẹ́ kí wọ́n lè jẹ nǹkan líle mọ́, ni mo bá ní kí n kúkú fi se ọbẹ̀ lílọ̀ tó kúnná dáadáa, tó ní kírímù nínú, tí wọ́n á kàn máa fi ṣíbí mu. Àmọ́ bí oníkálukú ṣe ń ṣàlàyé ẹ̀ yàtọ̀ síra. Ẹnì kan ní kí n sè é fún ìṣẹ́jú 40, ẹnì kan ní ìṣẹ́jú 10, ẹlòmíì ní kí n kọ́kọ́ yan án nínú ófùn, àwọn kan ní fúláwà ló ń jẹ́ kó ki, àwọn kan ní pòtétò ni. Ohun tó ń kó mi láyà sókè jù ni òórùn yẹn, torí tó bá ti pẹ́ lórí iná gbogbo ilé á máa rùn bí ẹyin tó ti bàjẹ́, bẹ́ẹ̀ ìyá wa yìí ò lè gba irú òórùn bẹ́ẹ̀ sára rárá. Ìkejì ni pé mi ò fẹ́ kí kírímù já mọ́ mi lọ́wọ́ kó wá ṣe wóro-wóro nínú ọbẹ̀. Ẹ bá mi sọ ọ́ kúnnákúnná, iye tí mo máa lò, ìgbà tí kírímù máa wọlé, ìgbà tí mo máa lọ̀ ọ́. Ẹ ṣeun gan-an.

Àǹtí_Ìdáná:
Adùnní, o ṣé tó o ń ro ti ìyá. Pípẹ́ lórí iná ló ń mú òórùn yẹn jáde. Gbogbo ìdílé kábéèjì pátá ló ní èròjà imí ọjọ́ nínú, tí wọ́n bá ti ń hó ṣáá tí ẹnikẹ́ni ò gbé wọn sọ̀kalẹ̀, èròjà yẹn á bẹ̀rẹ̀ sí í tú, á máa bá ooru jáde, òun ló ń rùn bí ẹyin yẹn. Ẹni tó ní ìṣẹ́jú 40 yẹn, má dá a lóhùn. Tó o bá ti gé e sí méjì, ìṣẹ́jú 8 sí 10 nínú omi tó ń hó ti tó. Fi ẹnu ọ̀bẹ gún un nídìí, tó bá ti wọlé láìjà, tí àwọ̀ ewé ẹ̀ sì ṣì ń dán, gbé e kúrò lórí iná.

Bí mo ṣe ń ṣe tèmi nìyí, ó máa tó èèyàn mẹ́rin. Brussels sprouts 500 giráàmù, pòtétò kan tó tóbi díẹ̀, àlùbọ́sà kan, awẹ́ aáyù méjì, bọ́tà ṣíbí ìjẹun méjì, omi adìyẹ tàbí omi ẹ̀fọ́ bíbọ̀ bíi 750 mílílítà, kírímù tó ki 120 mílílítà. Gé ìdí Brussels sprouts tó ti gbẹ kúrò, àmọ́ má gé e wọnú jù kí gbogbo ewé má bàa tú mọ́ ẹ lọ́wọ́, ṣí àwọn ewé ìta tó ti pọ́n dànù, fọ̀ ọ́, là á sí méjì. Yọ́ bọ́tà lórí iná jẹ́jẹ́, da àlùbọ́sà sí i pẹ̀lú iyọ̀ díẹ̀, rò ó títí tó fi máa rọ̀ tó sì máa dán, má jẹ́ kó pọ́n. Lẹ́yìn náà aáyù, ìṣẹ́jú kan péré, torí aáyù tó bá jó ti kó ìkorò bá gbogbo ọbẹ̀ nìyẹn. Wàá wá da omi adìyẹ sí i pẹ̀lú pòtétò tó o ti gé wẹ́wẹ́. PÒTÉTÒ LÓ MÁA KỌ́KỌ́ WỌLÉ o! Ibi tọ́rọ̀ ti ń wọ́ fún ọ̀pọ̀ èèyàn nìyẹn, wọ́n á da gbogbo ẹ̀ sí i lẹ́ẹ̀kan náà, wọ́n á máa dúró de pòtétò kó jinná, kó tó jinná Brussels sprouts ti sè kọjá ààlà, òórùn ti gba ilé. Tí pòtétò bá ti ń rọ̀ ni wàá tó kó Brussels sprouts sí i. Má dé ìkòkò. Tó bá jinná, lọ̀ ọ́. Kírímù ló kẹ́yìn, lẹ́yìn tó o bá ti pa iná.

Fúláwà náà ń mú un ki o, àmọ́ pòtétò ló tẹ́ èmi lọ́rùn jù, adùn ẹ̀fọ́ ò ní sá, kò sì ní máa lẹ̀ mọ́ àjà ẹnu.

Bàbá_Ayannǹkan:
Àǹtí ẹ kú iṣẹ́, ohun tẹ́ ẹ sọ nípa pòtétò yẹn òótọ́ ni, àmọ́ ẹ jọ̀ọ́ mi ò fara mọ́ bíbọ̀. Adùnní àbúrò mi, yan án! Tan ófùn sí 200 dígírì Celsius, fi òróró àti iyọ̀ pa Brussels sprouts tó o ti là sí méjì, kó o da ojú ibi tó o gé yẹn délẹ̀ lórí tíréè, ìṣẹ́jú 20 sí 25. Ojú ẹ̀ á pọ́n, ṣúgà inú ẹ̀ á jáde, ìkorò yẹn á rọlẹ̀, wàá wá kó o sínú omi adìyẹ tí pòtétò ti jinná sí, jẹ́ kó hó fún bí ìṣẹ́jú 5, ó ti tó lọ̀ nìyẹn. Adùn ẹ̀ ò ṣeé fi wé ti bíbọ̀ rárá. Má kó o jọ gègèrè sórí tíréè o, tó bá fún pọ̀ omi ara ẹ̀ ló máa fi sè, kò ní pọ́n.

Tó bá jẹ́ ti inú fírísà lo rí rà, má jẹ́ kó yọ́, da á sórí tíréè bó ṣe dì yẹn kí iná sì le díẹ̀ sí i, bíi 220. Wọ́n ti bọ̀ ọ́ fìrí kí wọ́n tó fi í sínú yìnyín, omi sì pọ̀ lára ẹ̀.

Àǹtí_Ìdáná:
Bàbá, mo gbà pé yíyan ń dùn, mi ò jiyàn. Àmọ́ ẹ wo àwọ̀ ẹ̀ tó bá kúnná tán, á rí bí ẹrẹ̀. Àgbàlagbà tí kò fi bẹ́ẹ̀ rí oúnjẹ jẹ, ojú ni wọ́n ń kọ́kọ́ fi jẹun. Tèmi ń tutù yọ̀yọ̀ bí ewé.

Tíṣà_Kẹ́mísírì:
Ẹ jẹ́ n bá yín dá sí ti àwọ̀ yìí torí mo fẹ́ràn ọ̀rọ̀ ẹ̀. Chlorophyll ló ń mú ewé rí bó ṣe rí yẹn, magnesium ló sì wà láàárín ẹ̀. Tí ooru bá pẹ́ lára ewé, ásíìdì inú ewé náà fúnra ẹ̀ á lé magnesium yẹn kúrò, àwọ̀ á wá ṣì bí ti ólífì. Ìdí tí Àǹtí fi ní ká má dé ìkòkò nìyẹn, díẹ̀ nínú ásíìdì yẹn máa ń bá ooru lọ, tẹ́ ẹ bá dé e inú ọbẹ̀ ló máa padà sí. Òun náà ló fà á tí ẹ ò fi gbọ́dọ̀ fún lẹ́mọ̀nù sí i látìbẹ̀rẹ̀. Lẹ́mọ̀nù dára o, ṣíbí kékeré kan ń jí adùn ọbẹ̀ yìí dìde, àmọ́ inú àwo ni kẹ́ ẹ ti fún un, tẹ́ ẹ bá fẹ́ jẹ ẹ́ gan-an.

Àwọn kan á sọ fún yín pé kẹ́ ẹ fi baking soda sí omi kó lè tutù yọ̀yọ̀. Lóòótọ́ á tutù, àmọ́ á tún rọ̀ pẹ̀tẹ̀pẹ̀tẹ̀, ó sì ń ba fítámì C inú ẹ̀ jẹ́. Ẹ má dán an wò.

Ti ìkorò náà, ó lóhun tó fà á. Láàárín àwọn ọdún 1990 làwọn onímọ̀ ní Netherlands ti mọ èròjà tó ń fà á, àwọn tó ń ṣe irúgbìn sì ti ń ṣa èyí tí kò korò púpọ̀ gbìn látìgbà náà, torí ẹ̀ ni tòde òní fi dùn ju èyí táwọn àgbà jẹ ní kékeré lọ. Tó o bá ń rà á, ṣa àwọn tó kéré tó sì le gbagidi lọ́wọ́.

Adùnní_Alásè:
Háà, ẹ ṣeun o, Olúwa á bù sí ìmọ̀ yín! Mo rò pé mo máa yan ìdajì kí n bọ ìdajì, kí n lè rí adùn rí àwọ̀. Ìbéèrè kan ló kù, ìyá ò fẹ́ ọ̀rá púpọ̀. Ṣé mo lè fi mílíìkì lásán dípò kírímù?

Àǹtí_Ìdáná:
O lè lò ó, àmọ́ mílíìkì ló ń tètè já jù. Ọ̀rá inú kírímù tó ki gan-an máa ń tó 36 nínú ọgọ́rùn-ún, òun ni kì í jẹ́ kó já, mílíìkì ò ní ju bíi 3 tàbí 4 lọ. Tí ọbẹ̀ bá ń hó gùdùgùdù tó o da mílíìkì tútù lé e, wàá rí wóro-wóro tó o ń sá fún yẹn. Pa iná, bu ọbẹ̀ gbígbóná díẹ̀díẹ̀ sínú mílíìkì náà nínú àwo mìíràn, máa rò ó títí tóun náà á fi lọ́ wọ́ọ́rọ́, kó o tó da gbogbo ẹ̀ padà sínú ìkòkò. Kò gbọ́dọ̀ hó mọ́ látìgbà náà, lẹ́mọ̀nù sì gbọ́dọ̀ mọ níwọ̀n.

Adéọlá_Ewébẹ̀:
Ẹ̀gbọ́n Adùnní, èmi ò fi mílíìkì sí tèmi rárá. Kóró kajú tí wọn ò yan tí wọn ò sì fi iyọ̀ sí, bí ẹ̀kúnwọ́ méjì, rẹ ẹ́ sínú omi gbígbóná fún nǹkan bí wákàtí kan, da omi yẹn nù, kí ẹ lọ̀ ọ́ pọ̀ mọ́ ọbẹ̀. Á kúnná bíi kírímù gẹ́lẹ́. Tó bá jẹ́ ọ̀rá ni ìyá ń yẹra fún, ẹ̀wà funfun tó ti jinná dáadáa dára ju kajú lọ, kajú náà lọ́ràá.

Ẹ ṣọ́ra pẹ̀lú bùlẹ́ńdà o! Ọbẹ̀ gbígbóná nínú bùlẹ́ńdà tí wọ́n dé pa máa ń ti ìdérí dànù, á sì jó èèyàn lójú. Ẹ má jẹ́ kó kọjá ìdajì, ẹ yọ ọmọrí kékeré tó wà láàárín ìdérí kí ooru lè ríbi gbà, ẹ wá fi aṣọ ìdáná tí ẹ ká bò ó kí ẹ tó tẹ̀ ẹ́. Tó bá ti kúnná kí ẹ dá a dúró, pòtétò tí wọ́n bá lọ̀ lálọ̀jù máa ń fà bíi gọ́ọ̀mù. Torí ti ìyá, ẹ fi asẹ́ sẹ́ ẹ, èérún ìdí ẹ̀ kan máa ń kù tí kì í lọ̀.

Nọ́ọ̀sì_Morẹ́nikẹ́:
Ẹ jọ̀ọ́ Adùnní, ṣé ìyá ń lo oògùn tí kì í jẹ́ kí ẹ̀jẹ̀ dì? Mò ń béèrè torí fítámì K pọ̀ gan-an nínú Brussels sprouts, tó bá sì jẹ́ warfarin ni wọ́n ń lò, fítámì K máa ń dín agbára ẹ̀ kù. Kò túmọ̀ sí pé wọn ò lè jẹ ẹ́ o. Ohun tó ṣe pàtàkì ni pé kí iye irú ẹ̀fọ́ bẹ́ẹ̀ tí wọ́n ń jẹ má kàn ṣàdédé lọ sókè tàbí wálẹ̀. Tí wọn ò bá ń jẹ ẹ́ tẹ́lẹ̀ tí ẹ wá fẹ́ máa gbé e fún wọn lójoojúmọ́, ẹ kọ́kọ́ fi tó dókítà wọn létí.

Adùnní_Alásè:
Wọ́n ń lo oògùn ẹ̀jẹ̀ kan, mi ò kàn mọ orúkọ ẹ̀. Màá pe ọkọ mi báyìí kó yẹ̀ ẹ́ wò, a sì máa bá dókítà wọn sọ̀rọ̀ kí n tó gbé ìkòkò kaná. Ẹ ṣeun mà. Ṣé ó ṣeé tọ́jú sí fírísà?

Bàbá_Ayannǹkan:
Ó ṣeé tọ́jú, àmọ́ kí kírímù tàbí mílíìkì tó wọ̀ ọ́ ni kó o ti bu tinú fírísà sọ́tọ̀, tó bá yọ́ tó o ti gbé e kaná tán lo tó fi tiẹ̀ sí i. Tinú fíríìjì ò gbọ́dọ̀ kọjá ọjọ́ 3 sí 4. Tó o bá ń gbé e kaná, iná jẹ́jẹ́, tó bá sì ki jù fi omi adìyẹ là á.